Ògiri Létí, Ta Ni Ẹnu Rẹ̀?

"Ògiri létí" ni àwọn àgbà wa máa ń wí nígbà tí wọ́n bá fẹ́ kí ọmọdé rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀. A ti gbọ́ ọ ní Kaboua níhìn-ín tó bẹ́ẹ̀ tí a kò fi bi ara wa léèrè mọ́ pé kí ni ògiri ń fi gbogbo ohun tí ó ti gbọ́ ṣe. Ṣé ó ń tọ́jú wọn ni? Bí ó bá sì ń tọ́jú wọn, ǹjẹ́ ẹnìkan wà tí ó lè gbà wọ́n lọ́wọ́ rẹ̀? Ìbéèrè náà dàbí àlọ́ àpamọ̀, ṣùgbọ́n àwọn ènìyàn tí orí wọn pé ti fi ọ̀pọ̀ ọdún wá ìdáhùn rẹ̀. Àwọn kan nínú wọn tilẹ̀ gbé odidi ìmọ̀ kan kalẹ̀ lé e lórí, ìmọ̀ tí ó ní orúkọ, tí ó ní ìwé, tí ó ní ọmọlẹ́yìn, tí kò sì ní nǹkan kan nínú. A fẹ́ sọ̀rọ̀ lórí ìmọ̀ àròsọ náà, nítorí pé ní ọdún 2024 ohun kan tí ó jọ ọ́ lójú, tí kì í sì í ṣe àròsọ rárá, ṣẹlẹ̀ ní orílẹ̀-èdè wa, ó sì fi ìbéèrè kan sílẹ̀ tí àwa ọmọ Ṣàbẹ kò lè yẹ̀ sílẹ̀ fún.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní ọdún 1837, Charles Babbage, ẹni tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa mọ̀ nítorí pé ó ya àwòrán ẹ̀rọ ìṣirò ní nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún kí kọ̀ǹpútà tó dé, tẹ ìwé kan jáde lórí ẹ̀sìn àti ìmọ̀ ìjìnlẹ̀. Ó wí nínú rẹ̀ pé afẹ́fẹ́ jẹ́ ilé ìkówèésí ńlá kan, tí gbogbo ọ̀rọ̀ tí ènìyàn ti sọ rí wà ní kíkọ sínú rẹ̀. Ìdí tí ó fi sọ bẹ́ẹ̀ ni pé bí ohùn bá ti mi afẹ́fẹ́, mímì náà kì í tán pátápátá. Ńṣe ni ó ń rẹlẹ̀ títí tí etí wa kò fi gbọ́ ọ mọ́. Ẹni tí ìmọ̀ ìṣirò rẹ̀ kò bá ní òpin yóò lè tọ ipasẹ̀ mímì náà padà sí ẹnu tí ó ti jáde.

Ohun tí ó mú wa dúró lórí ìwé yìí ni àpẹẹrẹ tí ó fà yọ. Babbage mẹ́nu kan ẹrú aláwọ̀ dúdú tí a jù sínú òkun tòun ti ẹ̀wọ̀n lára rẹ̀, kí ọkọ̀ lè fúyẹ́, kí ọ̀gá rẹ̀ sì lè bọ́ lọ́wọ́ òfin tí ń lé e bọ̀. Ó ní ní ọjọ́ ìṣírò ńlá, ẹrú náà kò ní nílò ẹlẹ́rìí alààyè kankan. Omi tí ó bò ó mọ́lẹ̀ àti afẹ́fẹ́ tí ó gba igbe rẹ̀ yóò jẹ́rìí. Ní ọdún tí a tẹ ìwé yìí, Ghezo ni ó wà lórí oyè ní Abomey, ọkọ̀ ẹrú sì ń gbéra ní etíkun wa. Nítorí náà, bí ọ̀rọ̀ Babbage ti jẹ́ èrò ọkàn ọlọ́mọ̀wé tó, ọ̀dọ̀ wa ni ó ń sọ ọ́ sí láìmọ̀.

Àwọn tí ó tẹ̀lé e kò ní sùúrù tó bẹ́ẹ̀. Babbage fi ilé ìkówèésí rẹ̀ sílẹ̀ fún Ọlọ́run láti kà. Wọ́n ní ènìyàn lè kà á nísinsìnyí. Oníṣègùn ará Amẹ́ríkà kan, Joseph Rodes Buchanan, ti fún ìmọ̀ náà ní orúkọ ní ọdún 1842, ó pè é ní psychometry. Ẹni tí ó wá sọ ọ́ di òkìkí ni William Denton, ẹni tí ó ń kọ́ àwọn ènìyàn nípa òkúta àti ilẹ̀, tí ó tẹ ìwé rẹ̀ jáde ní ọdún 1863. Denton a máa fi bébà di òkúta, a fún Elizabeth ìyàwó rẹ̀, ìyẹn náà a gbé e lé iwájú orí, a sì máa ròyìn ohun tí ó ń rí: òkun tí ó ti gbẹ, òkè tí ń yọ iná, ẹranko tí kò sí mọ́ lórí ilẹ̀. Gbogbo rẹ̀ ni Denton ń kọ sílẹ̀ bí akọ̀wé ilé ẹjọ́. Nígbà tí ó yá, ọmọ wọn ọkùnrin bẹ̀rẹ̀ sí í ròyìn àwọn tí ń gbé inú àwọn ìsọ̀gbè ojú ọ̀run. Ibẹ̀ ni a ti rí ohun tí ó ń ṣe ìmọ̀ náà. Kò sí ibi tí ó ti lè kùnà. Ẹni tí ó ń béèrè ni ó mọ òkúta, ẹni tí ó ń dáhùn ń gbé inú ilé kan náà pẹ̀lú rẹ̀, kò sì sí ará ìta tí ó lè wí pé, "Rárá, kò rí bẹ́ẹ̀," kí a sì gbà fún un.

Ọ̀rọ̀ náà kò tíì kú. Ní ọdún 1969, ará Amẹ́ríkà kan tí ń jẹ́ Richard Woodbridge kọ̀wé sí ìwé ìròyìn àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ pé òun ti gbọ́ ìró láti ara ìkòkò amọ̀, ìró tí amọ̀ tútù náà gbà sílẹ̀ nígbà tí wọ́n ń mọ ọ́, bí àwo orin ti ń gba orin sílẹ̀. Ó ní òun tilẹ̀ ti gbọ́ ọ̀rọ̀ kan láti ara ọ̀dà tí wọ́n fi ya àwòrán. A kò lè sọ pé a kò rẹ́rìn-ín. Ní ọ̀dọ̀ wa, obìnrin amọ̀kòkò ni ó máa ń yí ìkòkò po, kì í ṣe ìkòkò ni ń yí. Ìró tí ìkòkò rẹ̀ bá gbà yóò ti lọ́ mọ́ra wọn bí okùn ẹrù. Síbẹ̀ ta ni kò ní fẹ́ gbọ́ ọ? Ta ni kò ní fẹ́ mọ ohun tí ìyá ìyá rẹ̀ ń sọ ní ọ̀sán ọjọ́ tí ó mọ ìkòkò tí a ṣì fi ń tọ́jú omi?

Àìgbọ́n nìkan kọ́ ni ó ń mú kí ènìyàn gba irú ìmọ̀ bẹ́ẹ̀ gbọ́. Ọ̀fọ̀ ló fà á. Ẹni tí ó ti pàdánù ń fẹ́ kí nǹkan kan ṣẹ́ kù. Àwọn ọdẹ wa mọ èyí, wọ́n sì mọ bí a ti ń ṣọ́ ara ẹni níbẹ̀. Ọdẹ tí ó bá rí ipasẹ̀ nínú igbó kò ní sọ pé ilẹ̀ bá òun sọ̀rọ̀. Yóò bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Yóò wò bóyá etí ipasẹ̀ náà ti gbẹ, bóyá ìrì wà nínú rẹ̀ tàbí ìrì ti sẹ̀ ṣáájú kí ẹranko tó tẹ̀ ẹ́, bóyá eèrà ti là á kọjá, bóyá ìgbẹ́ ẹ̀bá rẹ̀ ṣì tutù. Lẹ́yìn náà ni yóò tó wí pé ní òru àná ni ó kọjá, kò pẹ́ kí àkùkọ tó kọ. Bí ọdẹ kejì bá sì dé tí ó ní kì í ṣe òru, ní ìrọ̀lẹ́ ni, wọn yóò jọ tún bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ọ̀nà tí a fi lè já a nírọ́ ni ó mú kí ọ̀rọ̀ ọdẹ yàtọ̀ sí ti ìyàwó Denton. Èyí kò sì gba bébà tàbí ẹ̀rọ.

Nísinsìnyí, Abomey. Gbogbo ẹni tí ó bá ti ṣèbẹ̀wò sí ààfin àwọn ọba Dàhọ̀mì, tí UNESCO kọ sínú àkójọ ohun àjogúnbá àgbáyé ní ọdún 1985, ni ó ti gbọ́ ìtàn ilé ibojì Ghezo. Wọ́n ní nígbà tí Glele ọmọ rẹ̀ ń kọ́ ọ lẹ́yìn ọdún 1858, wọ́n po ẹ̀jẹ̀ ènìyàn mọ́kànlélógójì mọ́ amọ̀ ògiri náà. Wọn kì í sọ ọ́ ní ìkọ̀kọ̀. Àwọn tí ń mú àlejò káàkiri ni ń sọ ọ́, wọn a sì fi ọwọ́ tọ́ka sí ibi tí ògiri ti pọ́n.

Ní ọdún 2024, àwọn onímọ̀ tí Philippe Charlier láti ilẹ̀ Faransé kó jọ tẹ ìwádìí wọn jáde nínú ìwé ìròyìn Proteomics. Wọ́n ha díẹ̀ lára ògiri náà, díẹ̀ gan-an ni, wọ́n sì gbé e lọ sábẹ́ ẹ̀rọ tí ń wọn ìwúwo àwọn ègé tín-ín-tìn-ìn-tín tí ó para pọ̀ di èròjà ara ohun alààyè. Èròjà tí a ń pè ní purotéènì ni wọ́n ń wá, nítorí pé ó máa ń pẹ́ nínú ilẹ̀ ju ADN lọ. Èyí tí ó pọ̀ jù nínú ohun tí wọ́n rí kò jẹ́ tuntun lára ògiri amọ̀ èyíkéyìí: kòkòrò tí ojú kò rí, olú, ìdọ̀tí ọjọ́ pípẹ́. Ṣùgbọ́n láàárín wọn, wọ́n rí èròjà tí ń mú ẹ̀jẹ̀ pọ́n, àti èyí tí ń bá àrùn jà nínú ẹ̀jẹ̀, ti ènìyàn àti ti adìyẹ.

Ṣé ògiri ti sọ̀rọ̀ nìyẹn? Ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí ó sọ dáadáa. Ó ní ẹ̀jẹ̀ ènìyàn kàn mí. Kò sọ bóyá ènìyàn mọ́kànlélógójì ni tàbí ẹyọ kan. Kò sọ ọjọ́. Kò sọ bóyá ẹrú ni, tàbí ọ̀daràn, tàbí ẹni tí ó fi ara rẹ̀ sílẹ̀ láti bá ọba lọ. Kò sọ èdè tí ẹni náà fi ké. Àwọn onímọ̀ náà kò sì sọ ju ohun tí ẹ̀rọ wọn fi hàn lọ, a yìn wọ́n fún un. Àwọn oníròyìn ni ó pariwo pé a ti wá "fìdí" ìtàn náà "múlẹ̀," bí ẹni pé títí di ọjọ́ náà àheso ni ó jẹ́, bí ẹni pé ẹnu àwọn ọmọ Dàhọ̀mì tí wọ́n ti ń sọ ọ́ láti ìran dé ìran kò tó ẹ̀rí lórí ohun tí baba wọn ṣe.

A mọ ohun tí àwọn kan yóò fi dá wa lóhùn. Wọn yóò ní ẹnu ń ṣàsọdùn. Òótọ́ ni. Ọba a máa fi iye ènìyàn tí ó pa yangàn, onílù rẹ̀ a sì bù kún un. Àwọn òyìnbó tí ó kọ̀wé nípa Dàhọ̀mì náà bù kún un fún ìdí tiwọn, nítorí pé ìtàn ẹ̀jẹ̀ wúlò fún ẹni tí ó fẹ́ kí ìlú rẹ̀ gbà pé ó yẹ kí a gba ilẹ̀ ẹlòmíràn. Nígbà tí àwọn ọmọ ogun Faransé sì wọ Abomey ní ọdún 1892, irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ti ṣáájú wọn lọ sínú ìwé ìròyìn ìlú wọn. Níwọ̀n bí ọ̀rọ̀ ti rí báyìí, ó dára kí ẹnìkan ha ògiri wò. Ìṣòro wa kò sí lórí ìwádìí. Ó wà lórí àṣà tí ó ń dàgbà, pé ẹ̀rí tí ó bá ti ẹnu ènìyàn jáde ń dúró ní ìta títí ẹ̀rọ yóò fi ṣílẹ̀kùn fún un.

Ọ̀rọ̀ yìí kàn wá nítorí pé ogun Dàhọ̀mì kan ilẹ̀ Ṣàbẹ. Òkè tí ó yí ìlú Ṣàbẹ ká, tí àwọn arìnrìn-àjò ń ya fọ́tò rẹ̀ lónìí, ibi ìsásí ni ó jẹ́ fún àwọn baba wa. Kétu, tí ó jẹ́ ẹ̀gbọ́n àti àbúrò wa, ṣubú sọ́wọ́ Glele ní ọdún 1886. Àwọn tí a kó lọ láti ìlú elédè Yorùbá sí Abomey kò níye. Nítorí náà, bí a bá kà pé ẹ̀jẹ̀ ènìyàn wà lára ògiri, ohun àkọ́kọ́ tí ó wọ̀ wá lọ́kàn ni pé ẹ̀jẹ̀ wa ni. A kò sì lè sọ bẹ́ẹ̀, nítorí pé a kò mọ̀. Ní ibi yìí gan-an ni ìmọ̀ Denton ti ń dán ènìyàn wò. Bí ẹnìkan bá gbé ègé ògiri náà lé iwájú orí, tí ó sì dárúkọ kan fún wa, orúkọ ìlú wa, orúkọ ilé wa, ọ̀pọ̀ nínú wa yóò sunkún, a ó sì gbà á.

Ẹ jẹ́ kí a wá wo ibi tí orúkọ ti wà.

Ní ọdún 1860, nígbà tí Glele kò tíì pẹ́ lórí oyè, ọkọ̀ kan tí ń jẹ́ Clotilda wá láti Amẹ́ríkà sí Ouidah. Láti ọdún 1808 ni òfin Amẹ́ríkà ti de kíkó ẹrú wọlé láti òkè òkun. Timothy Meaher, olówó kan ní ìlú Mobile ní ìpínlẹ̀ Alabama, ni ó rán ọkọ̀ náà níṣẹ́. William Foster ni ọ̀gá ọkọ̀. Nǹkan bí 110 ènìyàn ni wọ́n kó lọ. Nígbà tí wọ́n dé, wọ́n kó wọn bọ́ sílẹ̀ ní òru, Foster sì dáná sun ọkọ̀ náà ó rì sínú odò, nítorí pé ọkọ̀ náà ni ẹ̀rí tí ó lè kó bá wọn.

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan wà nínú wọn tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Oluale Kossola. Cudjo Lewis ni wọ́n ń pè é ní ọ̀hún. Sylviane Diouf, òpìtàn tí ó tẹ ìwé jáde lórí àwọn èrò ọkọ̀ náà ní ọdún 2007, tọ́ka sí agbègbè Bantè gẹ́gẹ́ bí ibi tí ó ti wá, láàárín àwọn Ìṣà tí èdè wọn jẹ́ ẹ̀ka Yorùbá. Bantè, ẹ̀yin ènìyàn wa! Ní Collines kan náà tí a wà yìí. Kossola pẹ́ láyé títí di ọdún 1935. Ní ọdún 1927 àti èyí tí ó tẹ̀lé e, Zora Neale Hurston, obìnrin aláwọ̀ dúdú tí ó ń kẹ́kọ̀ọ́ nípa àṣà, lọ jókòó tì í ní ilé rẹ̀, ó sì gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀. Ó sọ bí àwọn ọmọ ogun Dàhọ̀mì ti ya wọ ìlú wọn ní àfẹ̀mọ́júmọ́, bí àwọn obìnrin ológun ti ń gbé ènìyàn bí ẹni gbé ewúrẹ́, bí wọ́n ti pa ọba wọn, bí wọ́n ti so orí àwọn ará ilé rẹ̀ mọ́ra lọ ní ojú ọ̀nà títí orí náà fi bẹ̀rẹ̀ sí í rà, tí wọ́n sì yan wọ́n lórí èéfín. Hurston kọ ọ́ bí Kossola ti sọ ọ́, ní èdè Gẹ̀ẹ́sì àbọ̀ tí ó ń sọ. Àwọn òǹtẹ̀wé kò fẹ́ irú èdè bẹ́ẹ̀. Ìwé náà kò jáde títí di ọdún 2018, lẹ́yìn ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́rin tí Kossola ti kú.

Ní gbogbo àkókò yìí, àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ àwọn èrò ọkọ̀ náà ń gbé Africatown, ìletò tí àwọn baba wọn tẹ̀dó sí ẹ̀bá Mobile, wọ́n sì ń sọ ìtàn ọkọ̀ tí a sun. Àwọn ará ìta kan gbà wọ́n gbọ́, àwọn kan kò gbà. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2019, àjọ tí ń bójú tó ìtàn ní Alabama kéde pé a ti rí Clotilda nínú ẹrẹ̀ odò náà. Báwo ni wọ́n ṣe mọ̀ pé òun ni? Gígùn àti ìbú rẹ̀ bá ìwé ìforúkọsílẹ̀ ọkọ̀ náà mu. Irú igi tí ó wà nínú ìwé náà ni. Irin ìṣó rẹ̀ bá àkókò náà mu. Iná ti jẹ ẹ́ lára. Ọdẹ wa yóò mọ irú iṣẹ́ yìí. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a kíyè sí i pé ìtàn ni ó darí wọn sí odò náà. Bí kò bá sí Kossola àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, àti àkọsílẹ̀ tí Foster fúnra rẹ̀ fi ṣe fọ́ńté, igi jíjẹrà kan lásán ni ì bá jẹ́ láàárín àwọn igi jíjẹrà mìíràn tí ó pọ̀ nínú odò náà.

Babbage ní ẹrú kò ní nílò ẹlẹ́rìí alààyè. Àwa rí i pé alààyè náà ni ó gba omi lọ́wọ́ àìlóhùn.

Títí dé ibi yìí, ọ̀rọ̀ wa lè dàbí ẹni pé gbogbo ohun tí ó farasin ni ó yẹ kí a hú jáde, pé ọgbọ́n tí a fi ń hú u nìkan ni ó kù. Kò rí bẹ́ẹ̀. Nínú àdúrà wa a máa ń wí pé kí Ọlọ́run bo àṣírí wa. A kò mọ̀ bóyá àwọn tí ó lá àlá ilé ìkówèésí afẹ́fẹ́ rò ó wò rí pé ohun tí ìyá wọn sọ ní ìyàrá ní òru wà nínú ìwé kan náà pẹ̀lú igbe ẹrú. Ilé tí kò ní ilẹ̀kùn kò lè jẹ́ ilé.

Ẹ jẹ́ kí a sọ ohun tí ó ṣòro sọ. Ní ọ̀pọ̀ ìlú ilẹ̀ Yorùbá, a kò sì yọ àwọn tiwa sílẹ̀, ẹrú wà. Dàhọ̀mì nìkan kọ́ ni ó rà, Dàhọ̀mì nìkan kọ́ ni ó tà. Àwọn ilé wà tí baba ńlá wọn wọ ìlú gẹ́gẹ́ bí ìwọ̀fà, tàbí gẹ́gẹ́ bí ẹni tí a kó lógun, tí wọ́n di ọmọ ilé, tí wọ́n gbé orúkọ ilé wọ̀, tí oríkì ilé náà sì di tiwọn. Àwọn àgbà mọ̀ wọ́n. Wọn kì í sọ. Ìgbà tí ìjà oyè tàbí ìjà ilẹ̀ bá le ni ẹnìkan máa ń sọ ọ̀rọ̀ náà jáde, tí ìdílé méjì yóò sì fi ogún ọdún ṣe ọ̀tá. Nítorí èyí ni àwọn àgbà fi ń dákẹ́, a sì gbà pé ìdákẹ́ náà jẹ́ àánú.

Ṣùgbọ́n Meaher náà bo àṣírí. Ó sun ọkọ̀. Kí ni ó mú kí a dá a lẹ́bi, kí a sì yin àwọn àgbà wa? Ìdáhùn tí ó tètè ń yá ni pé ẹni tí a ṣe ní ibi ní ẹ̀tọ́ láti bo ojú ọgbẹ́ rẹ̀, ẹni tí ó dá ọgbẹ́ náà kò sì ní in. A fara mọ́ ọn. Síbẹ̀, nígbà tí a bá yẹ ìdákẹ́ ìlú wa wò, a rí i pé iṣẹ́ méjì ni ó ń ṣe lẹ́ẹ̀kan náà. Ó ń bo ilé tí a rà kí wọ́n má bàa fi wọ́n ṣẹ̀sín. Ó sì ń bo ilé tí ó rà kí ẹnikẹ́ni má bàa bi wọ́n ní ohun tí wọ́n jẹ. Aṣọ kan náà ni, àwọn méjì ni ó fi bora. Òwe wa pàápàá mọ̀ pé ẹrú kú, ìyá kò gbọ́. Ọmọ kú, igbe ta. Bẹ́ẹ̀ ẹrú ṣe ọmọ rí nílé ìyá rẹ̀. Ẹni tí ó kọ́kọ́ pa òwe yìí ti rí ohun tí ìdákẹ́ ìlú ń ṣe.

Ní tiwa, ọ̀nà tí a rí ni èyí. Ẹ̀tọ́ láti ṣí ọ̀rọ̀ náà wà lọ́wọ́ ilé tí a ṣẹ̀ sí. Bí wọ́n bá fẹ́ sọ ọ́, kò sí ọba, kò sí ìjòyè, kò sí ẹgbẹ́, títí kan ẹgbẹ́ tiwa yìí, tí ó lè sọ fún wọn pé kí wọ́n pa á mọ́ra nítorí àlàáfíà ìlú. Bí wọn kò bá fẹ́, akẹ́kọ̀ọ́ tí ó gbé ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ dání kò ní ẹ̀tọ́ láti fa á yọ lẹ́nu arúgbó kí ó sì fi í gba oyè ìwé, bẹ́ẹ̀ ni ẹni tí ó bá fi itọ́ ránṣẹ́ sí ilé ìwádìí ADN kò ní ẹ̀tọ́ láti kéde èsì tí ó kan ilé ẹlòmíràn. Ní ti ilé tí ó rà, ẹ̀tọ́ kan ni wọ́n ní, ọjọ́ kankan kò sì ní ṣú lé e lórí: kí wọ́n sọ ohun tí baba tiwọn ṣe láìdárúkọ ẹni tí ó ṣe é fún. Àwọn ará Abomey ń ṣe é, bí a bá rò ó dáadáa. Wọ́n dúró níwájú ògiri tiwọn, wọ́n ní ẹ̀jẹ̀ wà níbẹ̀. A lè máa bínú sí ohùn ìyangàn tí ó wà nínú ìtàn náà ní ìgbà mìíràn, ṣùgbọ́n ilé mélòó nínú àwọn ìlú wa ni ó ti sọ tó bẹ́ẹ̀?

Àwọn ọ̀dọ́ inú ẹgbẹ́ wa yóò ní àwọn àgbà ń kú, pé bí a bá ń dúró de ẹni tí yóò fẹ́ sọ, kò ní ku ẹni tí yóò sọ. Ọ̀rọ̀ gidi ni. A rò pé a lè gba ohùn sílẹ̀ kí a má sì tú u síta. Kí ohùn náà wà lọ́wọ́ ìdílé, kí àwọn ọmọ wọn pinnu ní ọdún tí ó bá wù wọ́n. Yóò gba pé kí akẹ́kọ̀ọ́ ṣiṣẹ́ tí orúkọ rẹ̀ kò ní hàn nínú rẹ̀. A kò mọ iye ẹni tí yóò gbà bẹ́ẹ̀.

Kossola ní tirẹ̀ ti pinnu. Ó sọ fún Hurston pé òun fẹ́ kí gbogbo ènìyàn mọ ẹni tí òun jẹ́, bóyá ní ọjọ́ kan ẹnìkan yóò gbé ìtàn náà dé ilẹ̀ Áfíríkà, yóò pe orúkọ òun, ẹlòmíràn níbẹ̀ yóò sì dáhùn pé, bẹ́ẹ̀ ni, òun mọ̀ ọ́n. Diouf túmọ̀ orúkọ náà sí pé àwọn ọmọ mi kì í kú mọ́. Irú orúkọ tí ìyá ń sọ ọmọ lẹ́yìn tí ó ti sin àwọn mìíràn ni, ẹni tí ó sì ń jẹ́ ẹ sin àwọn ọmọ tirẹ̀ ní Alabama. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa tí ó máa ń gba Glazoué lọ sí Bantè ní àkókò ìsinmi lè pe orúkọ náà lọ́nà tí wọ́n ń gbà pè é níbẹ̀, kí wọ́n sì bi àwọn àgbà, pẹ̀lú ọ̀wọ̀ àti obì lọ́wọ́, bóyá ilé kan ṣì wà tí wọ́n ti ń sọ ọmọ ní Kossola.